Oúnjẹ Àárọ̀ Tí Ràìmí Jẹ ní Pobè

Ọjọ́ tí Ràìmí kọ́kọ́ bá Flavienne sọ ọ̀rọ̀ tó kọjá iye ọjà, ó rò pé abiyamọ ni. Ó ti tó oṣù mẹ́rin tí ọmọbìnrin náà ti ń wá sí ìsọ̀ rẹ̀ lọ́jà Pobè. Kì í ra wàrà, kì í ra ṣúgà, kì í ra nǹkan kan nínú gbogbo ọjà tí wọ́n ń kó wá láti Nàìjíríà, àfi ọ́ọ̀tì, agolo méjì, ní ọ̀sẹ̀ méjì méjì. Lọ́jọ́ náà, bó ti ń dì í fún un, ó ní:

"Ọmọ yín mà ń jẹun o. Ọkùnrin ni àbí obìnrin?"

Flavienne wo ojú rẹ̀. Ọkùnrin tó ga, tó tẹ́ẹ́rẹ́ ni, fìlà rẹ̀ tẹ̀ sí etí òsì. Ó rí i pé ìka òun ni ojú rẹ̀ wà, níbi tí òrùka ì bá wà.

"Mi ò tíì bímọ," ó ní. "Ìyá mi ló ń fi í se ẹran."

"Ẹran? Pẹ̀lú ọ́ọ̀tì?"

Ẹ̀rín pa Flavienne. Ó wá ṣàlàyé fún un. Kí wọ́n tó bí òun, ìyá òun, Marcelline, ń dáná fún ìyàwó òyìnbó kan tí ọkọ rẹ̀ ń ṣiṣẹ́ ní ibùdó ìwádìí ọ̀pẹ. Ìlú olótùútù ni màdáámù náà ti wá, oúnjẹ ìlú rẹ̀ ló sì máa ń fẹ́ láràárọ̀: wọ́n á lọ ẹran, wọ́n á fi àlùbọ́sà àti ata sè é títí á fi rọ̀, wọ́n á da ọ́ọ̀tì sí i, wọ́n á máa rò ó títí orógùn á fi lè dá dúró nínú rẹ̀. Wọ́n á wá dà á sínú páànù gígùn bí èyí tí àwọn oníbúrẹ́dì ń lò, kó dì di ọjọ́ kejì. Láàárọ̀, wọ́n á gé e pẹlẹbẹ pẹlẹbẹ, wọ́n á dín in. Ó ti pẹ́ tí àwọn òyìnbó náà ti padà sílé, ṣùgbọ́n Marcelline ò dáwọ́ rẹ̀ dúró. Àárọ̀ màdáámù ni wọ́n ń pè é nílé wọn.

"Ìta rẹ̀ á gbẹ, á máa dún lẹ́nu," Flavienne ní, "inú rẹ̀ á sì rọ̀ bí ọ̀ọ̀lẹ̀."

"Ẹ bu díẹ̀ wá fún mi nígbà mìíràn."

"Ẹ ò lè jẹ ẹ́. Ẹran ẹlẹ́dẹ̀ ni."

Ó rò pé ọkùnrin náà á ṣe ojú burúkú, tàbí pé á tutọ́ sílẹ̀ bí àwọn kan ti máa ń ṣe. Ràìmí kàn fi okùn so àpò náà, ó gbé e fún un. "Ẹ ṣeun tí ẹ sọ fún mi," ó ní. Ohùn tó fi sọ ọ́ ni Flavienne gbé lọ sílé lọ́jọ́ náà, ó sì gbàgbé láti gba ṣéńjì.

Ọdún kan kọjá. Láàárín rẹ̀, "ẹ" di "o" lẹ́nu àwọn méjèèjì. Ràìmí a máa ti Sakété, níbi tí òun àti ìyá rẹ̀ ń gbé, wá sí Pobè lọ́jọ́ ọjà. Ó wá bẹ̀rẹ̀ sí í wá lọ́jọ́ tí kì í ṣe ọjọ́ ọjà pẹ̀lú. Á dúró sí ẹnu ọ̀nà ibùdó ìwádìí ọ̀pẹ, níbi tí Flavienne ti ń tọ́jú àwọn ọ̀pẹ kéékèèké tí wọ́n gbìn sínú àpò dúdú, títí iṣẹ́ á fi parí. Wọ́n á jọ rìn. Nígbà mìíràn wọn ò ní sọ ju gbólóhùn mẹ́wàá lọ kí wọ́n tó dé ìkóríta. Síbẹ̀, bí Flavienne bá délé, á máa tún gbólóhùn mẹ́wàá náà sọ nínú ara rẹ̀, á máa wá ibi tí ìfẹ́ farapamọ́ sí nínú wọn, ẹ̀rù á sì tún bà á pé bóyá òun nìkan ló fi í síbẹ̀.

Ọmọ́báyọ̀ ló di alárinà wọn. Àbúrò bàbá Flavienne ni, ó ń wa taksí láàárín Sakété àti Pobè, òun náà ló sì ti ń bá Fàósátù, ìyá Ràìmí, kó ẹrù láti ọjọ́ pípẹ́. Kò sí èyí tí kì í wọ̀ láìkanlẹ̀kùn nínú ilé méjèèjì. Nígbà tí Ràìmí sọ fún un pé òun fẹ́ fi Flavienne ṣaya, ó fi aṣọ nu òógùn ojú, ó ní:

"Màá gbé ọ̀rọ̀ náà bí mo ṣe ń gbé ẹrù. Ṣùgbọ́n mi ò ṣèlérí pé kò ní fọ́ lọ́nà."

Sakété ló ti kọ́kọ́ fẹ́ fọ́. Fàósátù ò pariwo. Òun àti ọkọ rẹ̀ ló jọ ti Ìlaròó wá kí wọ́n tó bí Ràìmí. Ọkọ ti kú, òun nìkan ló tọ́ àwọn ọmọ, gbogbo àdúgbò ló sì mọ ibi tó máa ń jókòó sí ní mọ́ṣáláṣí. Ó ní kí Ọmọ́báyọ̀ jókòó, ó fún un lómi, ó wá sọ tọkàn rẹ̀.

"Mo gbọ́ pé ọmọ dáadáa ni. Ti ṣọ́ọ̀ṣì tó ń lọ kọ́ ló ń dẹ́rù bà mí. Mo mọ àwọn tó fẹ́ ọmọ ṣọ́ọ̀ṣì tí ilé wọn sì tòrò. Ẹlẹ́dẹ̀ ni. Wọ́n ní wọ́n kún ẹ̀yìnkùlé ìyá rẹ̀. Tí wọ́n bá bímọ, tí iléèwé bá gba ìsinmi, ọmọ á lọ kí ìyá ìyá rẹ̀. Kí ni wọ́n á fún un jẹ níbẹ̀? Ta ni màá bi?"

Ọmọ́báyọ̀ mu omi náà tán, ó dìde. Ó padà lọ lẹ́ẹ̀kejì, ó padà lọ lẹ́ẹ̀kẹta. Ní ìgbà kẹta ni obìnrin náà wá sọ pé:

"Kí Ràìmí lọ sílé wọn fúnra rẹ̀, kó jẹun níbẹ̀. Tó bá jẹun tí ọkàn rẹ̀ balẹ̀, kó wá sọ fún mi. Ọmọ mi ò parọ́ fún mi rí."

Ọjọ́bọ̀ ni Ọmọ́báyọ̀ mú ìròyìn yìí dé Pobè, pé Ràìmí ń bọ̀ láàárọ̀ ọjọ́ Àìkú. Lọ́jọ́ kejì, Flavienne lọ sọ́jà. Ó ra ìkòkò tuntun, ó ra páànù méjì, ọ̀kan fún dídì, ọ̀kan fún dídín, ó sì ra orógùn. Ó bá alápatà tó jẹ́ mùsùlùmí sọ ọ́ pé òun á wá gba ẹran màlúù lọ́jọ́ Àbámẹ́ta. Ó kó gbogbo rẹ̀ sí ilé ìdáná. Ibẹ̀ ni Marcelline ti bá a nígbà tó fún àwọn ẹlẹ́dẹ̀ lóúnjẹ tán.

"Ta ló ni ìyẹn?"

"Èmi ni, Màmá. Àárọ̀ màdáámù ni mo fẹ́ sè fún Ràìmí. Ẹran màlúù ni màá lò."

"Ìkòkò mi ńkọ́?"

"Màmá, ẹ mọ̀ pé wọn kì í—"

"Ìkòkò mi ni mo bi ọ́."

Marcelline jókòó sórí àpótí. Obìnrin tí kì í jókòó lásán ni. Bí ọwọ́ rẹ̀ ò bá ṣe nǹkan, ìdààmú ti bá a nìyẹn.

"Ìkòkò yìí ni mo fi se oúnjẹ ọjọ́ tí a sọ ọ́ lórúkọ," ó ní. "Àwọn ẹlẹ́dẹ̀ tó wà lẹ́yìn yẹn ló rán ọ níléèwé. Nígbà tí bàbá rẹ kú, kò sẹ́ni tó bi mí pé kí ni mo fi ń bọ́ ọ. Ní báyìí, ilé tí wọn ò ti lè jẹ lọ́wọ́ mi lo fẹ́ wọ̀. Ìwọ náà, tó bá di ọdún méjì, wàá wá kí mi. Màá gbé oúnjẹ fún ọ. Wàá ní, ẹ ṣeun, Màmá, mo ti yó."

"Mi ò ní sọ bẹ́ẹ̀ láéláé."

"Wàá sọ ọ́. Wàá tiẹ̀ sọ ọ́ tìfẹ́tìfẹ́."

Flavienne náà ti rò ó. Ó ti rò ó lórí iṣẹ́, ó ti rò ó nínú ṣọ́ọ̀ṣì, kò sì tíì rí ibi tí yóò gbé e sí.

Ọ̀sán ọjọ́ Àbámẹ́ta ló gbé ẹran kaná. Ó ti lọ̀ ọ́ kúnná, ó fi iyọ̀ sí i, ó fi ata dúdú sí i àti ewé lóríyẹ́, ewé gbígbẹ tí àwọn òyìnbó fi ń mú ọbẹ̀ ta sánsán. Marcelline jókòó sẹ́nu ọ̀nà, ó ń ṣa ẹ̀wà, ó ń wò ó lójú, kò sọ nǹkan. Nígbà tí omi ẹran hó dé ìdajì ìkòkò, kò lè mú un mọ́ra mọ́.

"Àlùbọ́sà yẹn ò tó."

Flavienne gé òmíràn sí i.

"Má da ọ́ọ̀tì náà lẹ́ẹ̀kan. Á ṣù. Máa fọ́n ọn, kó o sì máa rò ó."

Ó ń fọ́n ọn, ó ń rò ó, apá ń ro ó. Ooru ọ̀hún ń bọ́ sí i lójú. Ó yá, ìyá rẹ̀ dìde, ó gba orógùn lọ́wọ́ rẹ̀ láìsọ̀rọ̀, ó rò ó pẹ̀lú ọwọ́ méjèèjì títí ó fi ki, tó bẹ̀rẹ̀ sí í kúrò lára ìkòkò. Wọ́n jọ dà á sínú páànù gígùn náà. Marcelline fi ẹ̀yìn ṣíbí tẹ́ ojú rẹ̀, ó fi ewé bò ó, ó gbé e sínú abọ́ omi kí èèrà má bàa débẹ̀. Flavienne wo ẹ̀yìn ìyá rẹ̀ bó ti tẹ̀ sórí iṣẹ́ náà, ó sì rò pé ìjà ti tán.

Ọyẹ́ mú gan-an láàárọ̀ ọjọ́ Àìkú. Flavienne yí páànù náà dé, oúnjẹ ọ̀hún sì jáde lódindi, ó le, ó dán. Ó gbé ìgò òróró ẹ̀pà sí ẹ̀gbẹ́ ààrò, ó gbé páànù kejì kaná. Ìyá rẹ̀ ní:

"Lọ pàdé rẹ̀ lójú títì. Èmi á dín in."

"Mo lè dín in, Màmá."

"Ìwọ tó o máa ń kánjú yí i. Á fọ́ sí ọ lọ́wọ́. Ṣé oúnjẹ fífọ́ lo fẹ́ gbé síwájú àlejò?"

Òótọ́ ni, ó ti fọ́ sí i lọ́wọ́ rí. Síbẹ̀, ó dúró díẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà. Nǹkan kan ń fà á lẹ́yìn, kò mọ ohun tó jẹ́. Ó wo ìgò òróró náà, ó wo ìyá rẹ̀ tó ń mú ọ̀bẹ, ó sì lọ.

Ràìmí gbé búrẹ́dì gbígbóná wá. Ó dọ̀bálẹ̀ fún Marcelline gbalaja lórí ilẹ̀, pẹ̀lú aṣọ funfun ọrùn rẹ̀. Wọ́n gbé oúnjẹ náà fún un pẹ̀lú tòmátì tútù àti ata gígún. Ìkínní tó bù sẹ́nu, ó dún. Ó dúró, ó wo Flavienne, ó wá ń jẹun bí ẹni tó gbàgbé pé wọ́n ń wo òun. Ó jẹ èkíní, ó jẹ èkejì, ó jẹ ẹ́ dé orí èkarùn-ún.

"Màmá," ó ní, "mi ò jẹ irú èyí rí láyé mi."

Marcelline ní, "O ṣeun, ọmọ mi." Ṣùgbọ́n ojú rẹ̀ wà lórí àwo náà, kì í ṣe lórí ẹni tó ń jẹ ẹ́, Flavienne ò sì rí ayọ̀ níbẹ̀.

Ràìmí lọ kó tó di ọ̀sán. Flavienne wọ ilé ìdáná láti fọ àwo. Páànù wà nílẹ̀, ó ti tutù. Ó fẹ́ da omi sí i, ó wá rí i pé òróró tó kù nínú rẹ̀ ti dì. Ó dì funfun, ó lẹ̀ mọ́ ẹ̀gbẹ́ páànù bí ìda. Ó fi ìka kàn án. Òróró ẹ̀pà kì í dì báyẹn, ì báà jẹ́ nínú ọyẹ́. Ó wo ìgò. Ó kún dé ibi tó kún dé láàárọ̀.

Agolo tí ìyá rẹ̀ ń tọ́jú ọ̀rá ẹlẹ́dẹ̀ sí wà lókè àjà. Ìdérí rẹ̀ ò pa dé tán.

"Màmá."

Marcelline dúró lẹ́nu ọ̀nà. Ó ti mọ̀.

"Ẹran màlúù ni," ó ní.

"Kí lẹ fi dín in?"

Ìyá rẹ̀ ò gbójú sókè.

"Ọwọ́ mi ló lọ mú un. Láti ọgbọ̀n ọdún ni mo ti ń fi í dín nǹkan yìí. Ọwọ́ mi lọ síbẹ̀, mo rí i pé ó ń lọ, mi ò sì dá a dúró." Ó mí kanlẹ̀. "Mo fẹ́ kó jẹ oúnjẹ mi lẹ́ẹ̀kan. Lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, bí mo ṣe ń sè é. O rí i pé ó jẹ ẹ́."

"Kò mọ̀."

"Ohun tí kò mọ̀ ò ní pa á lára. Ìwọ pa ẹnu mọ́."

Flavienne fọ páànù náà lẹ́ẹ̀mẹ́ta. Ó gbé e pamọ́ sábẹ́ ibùsùn bí ohun tí wọ́n jí.

Ìròyìn tó wá láti Sakété lọ́jọ́ kejì dára. Ràìmí ti sọ fún ìyá rẹ̀ pé òun jẹun, ọkàn òun sì balẹ̀. Fàósátù ti gbà. Ọmọ́báyọ̀ ń rẹ́rìn-ín nínú taksí rẹ̀ bí ẹni pé òun gan-an ló fẹ́ gbéyàwó. Ó ní wọ́n ń bọ̀ wá tọrọ ọmọ lẹ́yìn oṣù kan. Flavienne dì mọ́ ilẹ̀kùn ọkọ̀ náà. Ohun tó ti ń gbàdúrà fún láti ọdún kan ló dé yìí, kò sì lè bá a yọ̀.

Ó sọ ti ọ̀rá náà fún Ọmọ́báyọ̀. Ẹ̀rín kúrò lójú ọkùnrin náà. Ó gbé ojú sí ọ̀nà, ó ní, "Mi ò gbọ́ ohun tó o sọ. Ìwọ náà, má sọ ọ́ mọ́. Inú ìyàwó mélòó ni irú èyí wà, tí ilé ọkọ wọn ò sì tú?"

Ni kò bá sọ ọ́ mọ́. Ṣùgbọ́n níbi iṣẹ́, ó kó àwọn ọ̀pẹ kan sí ìlà tí kì í ṣe tiwọn, ọ̀gá rẹ̀ Basile sì bi í bóyá ara rẹ̀ ò yá. Ràìmí ń pè é lórí tẹlifóònù. Á máa sọ nípa yàrá tó ń wá ní Pobè kí wọ́n lè máa gbé nítòsí iṣẹ́ rẹ̀, Flavienne á máa rẹ́rìn-ín, á máa gbọ́ ẹ̀rín ara rẹ̀ bí ẹ̀rín ẹlòmíràn. Ó wọkọ̀ lọ sí Sakété lẹ́ẹ̀méjì láti lọ sọ fún un. Lẹ́ẹ̀kíní, ó sọ̀ kalẹ̀ ní ìdajì ọ̀nà, ó padà. Lẹ́ẹ̀kejì, ó dé ibẹ̀, ó rí i, inú rẹ̀ dùn débi tí kò lè ba ìdùnnú náà jẹ́. Ó ra ọsàn, ó padà sílé.

Lálẹ́ ọjọ́ Ìṣẹ́gun kan, nọ́ńbà tí kò mọ̀ pè é. Fàósátù ni. Kò bá a sọ̀rọ̀ rí.

"Ọmọ mi," obìnrin náà ní, "mo kàn ní kí n gbọ́ ohùn rẹ ni. Ràìmí sọ pé ẹ ra ìkòkò tuntun nítorí rẹ̀. Kó o bá mi dúpẹ́ lọ́wọ́ ìyá rẹ. Mo ti sọ̀rọ̀ burúkú nípa ilé yín. Kó o dárí jì mí."

Flavienne ní, "Kò tó ohun tí ẹ ń bẹ̀bẹ̀ fún, Màmá." Nígbà tó gbé tẹlifóònù sílẹ̀, ó mọ̀ pé òun ò lè gbé e mọ́.

Lọ́jọ́rú, ó ní kí Ràìmí wá bá òun ní ibùdókọ̀ Sakété. Wọ́n jókòó sórí bẹ́ǹṣì kan, níbi tí àwọn onítaksí ti ń pe èrò Pobè. Ó sọ gbogbo rẹ̀, láti orí páànù dé orí agolo. Kò bu ẹ̀bi náà lé ìyá rẹ̀ nìkan lórí. Ó ní òun náà mọ̀, òun sì dákẹ́.

Ràìmí bọ́ fìlà rẹ̀, ó gbé e lé orúnkún.

"Ìgbà wo lo mọ̀?"

"Lọ́jọ́ náà gan-an. Nígbà tó o lọ tán."

Ó fi ìka kà á. "Ọjọ́ mẹ́tàdínlógún nìyẹn."

"Bẹ́ẹ̀ ni."

Ó dìde. Flavienne rò pé á bú òun. Ì bá tẹ́ ẹ lọ́rùn bó bá bú u. Ó kàn ní, "Ọkọ̀ Pobè ti fẹ́ kún. Lọ wọlé kí ilẹ̀ tó ṣú," ó sì lọ.

Kò pè é mọ́. Lọ́jọ́ ọjà, Munirat àbúrò rẹ̀ obìnrin ló wà nídìí ìsọ̀. Flavienne kọjá níbẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹ́ta, ó ń díbọ́n pé òun ń wá nǹkan mìíràn. Munirat kí i, ó sì wo ibòmíràn. Nílé, ó sọ fún ìyá rẹ̀ pé òun ti jẹ́wọ́.

"Ṣé orí rẹ pé?" Marcelline ní.

"Màmá, ìyá rẹ̀ ní kí n bá òun dúpẹ́ lọ́wọ́ yín. Ó tọrọ àforíjì lọ́wọ́ wa."

Marcelline jáde lọ sídìí àwọn ẹlẹ́dẹ̀ rẹ̀. Láti ọjọ́ náà, ìyá àti ọmọ ń gbé inú ilé kan bí àwọn ayálégbé méjì. Flavienne ń jẹ gààrì níbi iṣẹ́. Marcelline ń sè, ó ń gbé e sórí tábìlì, ó ń gbé e kúrò. Ọ̀sẹ̀ méjì kọjá báyẹn. Flavienne á gbọ́ alùpùpù lójú títì, á dìde, á jókòó. Nígbà mìíràn á bínú sí ara rẹ̀ pé òun sọ ọ́, nígbà mìíràn pé òun ò sọ ọ́ kíákíá; ìbínú méjèèjì ò jẹ́ kí ara rẹ̀ balẹ̀.

Ọmọ́báyọ̀ ló sọ fún un pé ìyá rẹ̀ lọ sí Sakété. Ó wá bá a ní ẹnu ọ̀nà ibi iṣẹ́, ó pa ọkọ̀, kò sọ̀ kalẹ̀.

"Láàárọ̀ yìí, ìyá rẹ wọ ọkọ̀ mi," ó ní. "Aṣọ tó fi ń lọ síbi òkú ló wọ̀. Ó ní kí n gbé òun lọ sílé Fàósátù. Mo ní, ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ pè wọ́n. Ó ní tí mo bá pè wọ́n, òun á sọ̀ kalẹ̀."

"Kí ló sọ níbẹ̀?"

"Kò jókòó. Ó dúró láàárín àgbàlá, ó ní, 'Èmi ni ìyá Flavienne. Ọ̀rá ẹlẹ́dẹ̀ ni mo fi dín oúnjẹ ọmọ yín. Mo mọ̀ọ́mọ̀ ṣe é. Ọmọ mi ò mọ̀ títí ọmọ yín fi jẹun tán. Ẹ má fi ti èmi fìyà jẹ ẹ́.' Wọn ò fún un lómi. Ó yí padà, ó wá wọ ọkọ̀, ó sì sunkún dé ibi tí mo ti máa ń ra epo. Mo padà lọ kó ẹrù lọ́sàn-án, mo bá Fàósátù níbi tí a fi í sí. Ó bi mí pé, 'Ta ló rán an wá?' Mo ní kò sẹ́ni tó rán an. Ó ní, 'Ì bá má wá, ó sì wá.' Kò sọ ju bẹ́ẹ̀ lọ."

Flavienne sáré délé. Marcelline ń gé koríko fún àwọn ẹlẹ́dẹ̀, ó ti pààrọ̀ aṣọ. Kò sọ pé òun lọ síbì kan. Flavienne náà ò bi í. Ó bọ́ bàtà, ó mú àdá kejì, ó bẹ̀rẹ̀ sí í bá a gé e. Nígbà tí oúnjẹ ìrọ̀lẹ́ délẹ̀, ó jókòó, ó sì jẹ ẹ́.

Ọjọ́ Ẹtì, lẹ́yìn ìrun Jímọ̀, Ràìmí dúró sí ẹnu ọ̀nà ibùdó ìwádìí ọ̀pẹ níbi tó máa ń dúró sí. Ó ti rù sí i. Wọ́n rìn títí wọ́n fi kọjá ilé tó gbẹ̀yìn kó tó sọ̀rọ̀.

"Ìyá rẹ wá sílé wa. A ò fún un lómi. Ojú ń tì mí lórí omi yẹn."

"Kò bínú sí i."

"Mo bi Alfa. Ó ní ẹni tí kò mọ̀ ò dẹ́ṣẹ̀. Ìyẹn ò yọ mí lẹ́nu rárá. Ọjọ́ mẹ́tàdínlógún yẹn ni mi ò mọ ohun tí mo lè ṣe sí. Mò ń kà wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan. Lọ́jọ́ tí mo sọ fún ọ pé yàrá yẹn ní fèrèsé méjì, o rẹ́rìn-ín. Ṣé o mọ̀ nígbà tó ò ń rẹ́rìn-ín?"

"Mo mọ̀."

"Kí ló dé tó ò sọ?"

"Ẹ̀rù bà mí pé mi ò ní rí ọ mọ́."

"Kí ló wá jẹ́ kó o sọ?"

Flavienne ronú sí i. Ó fẹ́ sọ òótọ́, kì í ṣe ohun tó dùn ún gbọ́. "Màmá rẹ pè mí ní ọmọ mi. Mo rò ó pé ojoojúmọ́ ló máa pè mí bẹ́ẹ̀, tí màá sì máa jẹ́ ẹ."

Ràìmí tẹ òkúta kan sínú iyanrìn pẹ̀lú bàtà rẹ̀. "Mo ṣì ń bínú," ó ní.

"Mo mọ̀."

"Ṣùgbọ́n inú Sakété tí mo ti ń bínú yẹn, mi ò lè sùn, mi ò lè tajà. Munirat ní mo ta wàrà fún ẹni tó fẹ́ ra ọṣẹ. Mo wá rò ó pé tí mo bá máa bínú, kí n kúkú wá máa bínú nítòsí rẹ."

Flavienne fẹ́ rẹ́rìn-ín, omijé ló jáde. Ràìmí ò fọwọ́ kàn án. Ó dúró tì í, ó fi ara rẹ̀ ṣíji bò ó lọ́wọ́ àwọn tó ń kọjá lórí alùpùpù, títí ó fi parí.

Kò sẹ́ni tó mọ ohun tí Fàósátù ń rò fún ọjọ́ mẹ́fà míì. Lọ́jọ́bọ̀, ọkọ̀ Ọmọ́báyọ̀ dúró síwájú ilé wọn. Marcelline ń fẹ́ àgbàdo, Flavienne ń sá aṣọ. Ọkùnrin náà bọ́ fìlà, ó jókòó, ó béèrè omi, ó mu ún tán pátápátá.

"Fàósátù ní òun ń bọ̀ lọ́jọ́ Àìkú," ó ní, "òun àti àwọn àgbà ilé wọn, láti wá tọrọ ọmọ. Ó ní lẹ́yìn ìgbéyàwó, Pobè ni kí wọ́n máa gbé, nínú ilé ara wọn, kí ìyàwó máa dáná nínú ìkòkò tirẹ̀. Ó ní tí ọmọ bá dé, kí wọ́n máa mú un wá kí ìyá ìyá rẹ̀, òun ò ní dí wọn lọ́wọ́." Ó wo Marcelline, ó tún wo ilẹ̀. "Ó kù kan. Ó ní lọ́jọ́ Àìkú, kí ẹnikẹ́ni má dáná nílé yìí. Òun á gbé oúnjẹ òun wá láti Sakété. Àti àwo. Àti ṣíbí."

Flavienne di aṣọ tútù náà mú, omi ń kán sí i lẹ́sẹ̀. Ó ń wo ìyá rẹ̀. Ó mọ bí ọ̀rọ̀ yẹn ṣe wúwo tó fún obìnrin tó ń bọ́ àlejò láti ọmọdé, tí àlejò kì í kúrò nílé rẹ̀ láìjẹun. Marcelline gbé atẹ sílẹ̀. Ó gbọn ìyàngbò kúrò lára aṣọ rẹ̀, díẹ̀díẹ̀, títí kò fi ku ẹyọ kan.

"Kí ló fẹ́ sè?" ó bi í.

"Kò sọ."

"Sọ fún un pé dókítà ní kí n má jẹ iyọ̀ púpọ̀. Ẹ̀jẹ̀ ríru." Ó tún ronú díẹ̀. "Kó gbé e wá. Màá jẹ ẹ́."

Ó dìde, ó mú ìgbálẹ̀, ó jáde lọ sí iwájú ilé. Flavienne bá a níbẹ̀, ó ń gbá abẹ́ igi máńgòrò níbi tí òjìji tutù jù, ó ń fi ẹsẹ̀ wọn ibi tí àga kọ̀ọ̀kan yóò wà. Ó wọn ti Fàósátù sí ẹ̀gbẹ́ tirẹ̀ gan-an.